Paul Naschy: òǹkọ̀wé ni ká kọ́kọ́ pè é ká tó pè é ní òṣèré

Onísinimá_Mọ́kọ́lá
Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará wa. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ ká jọ sọ. Ibikíbi tí wọ́n bá ti ń sọ̀rọ̀ fíìmù adẹ́rùbani ilẹ̀ Sípéènì, tí wọ́n bá dárúkọ Paul Naschy, gbogbo ohun tí wọ́n máa ń rí sọ ò ju "ọkùnrin tó máa ń di ìkookò yẹn" lọ. Ó ń dùn mí, torí pé ọkùnrin yìí ló fọwọ́ ara ẹ̀ kọ ọ̀pọ̀ nínú àwọn eré yẹn kó tó di pé wọ́n lẹ irun ìkookò mọ́ ọn lójú.

Orúkọ tí bàbá àti ìyá ẹ̀ sọ ọ́ ni Jacinto Molina Álvarez. Madrid ni wọ́n bí i sí, 6 September 1934, kò tíì pé ọmọ ọdún méjì tí ogun abẹ́lé ilẹ̀ wọn fi bẹ̀rẹ̀. Bàbá ẹ̀ máa ń fi awọ ẹran onírun rán aṣọ òtútù tà, wọ́n sì rán ọmọ níwèé, ó kọ́ nípa yíya àwòrán ilé, ṣùgbọ́n ọkàn ẹ̀ ò dúró sójú kan: ó ń ya àwòrán sí ara páálí rẹ́kọ́ọ̀dù, ó ń kọ ìwé ìtàn kọ́bọ́ì pẹlẹbẹ tí wọ́n ń tà ní pọ́ọ́kú, Jack Mills lorúkọ tó fi ń kọ wọ́n, ó sì tún ń gbé irin. Irin gbígbé yẹn kì í ṣe eré o, ó gba ipò kìíní ní Sípéènì nínú ẹgbẹ́ àwọn tí ara wọn fúyẹ́ bíi tiẹ̀ ní 1958.

Nígbà yẹn àwọn ará Amẹ́ríkà máa ń kó kámẹ́rà wá sí Sípéènì láti ya fíìmù ńláńlá, torí pé owó iṣẹ́ ò wọ́n níbẹ̀. Jacinto á lọ bá wọn, wọ́n á wọ̀ ọ́ láṣọ, wọ́n á ní kó dúró sáàárín èrò, ibẹ̀ ló ti ń fojú kọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Àmọ́ láti kékeré ni fíìmù kan ti há a lọ́kàn, èyí tí ènìyàn-ìkookò àti Frankenstein, òkú aláràǹbarà tí dókítà kan jí dìde nínú ìtàn, ti wọ̀yá ìjà, ó wò ó ní sinimá nígbà tó ṣì wà lọ́mọdé. Ló bá jókòó, ó kọ tiẹ̀. Ó gbé ìwé eré yẹn káàkiri Madrid, àwọn olówó ń bi í pé ta ló fẹ́ wo irú ẹ̀ ní Sípéènì. Àwọn ará Jámánì ló padà dá owó sí i. Wọ́n fẹ́ kí Lon Chaney Jr., tó ti ṣe ìkookò ní Hollywood, wá ṣe é, ṣùgbọ́n ara bàbá yẹn ò le mọ́. Wọ́n wá ẹlòmíì títí, wọn ò rí, ni wọ́n bá ní kí ẹni tó kọ ọ́ kúkú ṣe é. Ìwé ló gbé e dé iwájú kámẹ́rà. 1968 ni fíìmù náà jáde, *La marca del hombre lobo*, Enrique López Eguiluz ló darí ẹ̀.

Wọ́n tún sọ fún un pé orúkọ Jacinto Molina ò lè ta fíìmù níta, kó wá orúkọ míì. Ó mú Paul lára Póòpù Paul Kẹfà, ó mú Naschy lára Imre Nagy, ará Hungary kan tó máa ń gbé irin, ó kàn yí bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ padà. Bó ṣe di Paul Naschy nìyẹn. Jacinto Molina ló sì máa ń fi sílẹ̀ níbi tí wọ́n bá ti kọ orúkọ ẹni tó kọ ìtàn. Kí lẹ̀yin rò?

Àjọkẹ́_Alámọ̀
Ẹ kú iṣẹ́ o, bọ̀dá. Ẹyọ kan péré lèmi tíì wò, ìyẹn èyí tí wọ́n ti jí obìnrin amùjẹ̀ kan dìde nínú sàréè. Ohun tó ń rú mi lójú ni pé kí ló dé tí ìkookò yẹn fi ń jẹ́ Waldemar Daninsky, tí wọ́n ní ará Pólàǹdì ni, nígbà tó jẹ́ pé ọmọ Sípéènì ló kọ ọ́, òun náà ló ṣe é, Sípéènì náà ni wọ́n ti yà á?

Bàbá_Rọ́kọ̀
Àbúrò mi, ọwọ́ ìjọba Franco, ológun tó ń fipá ṣàkóso Sípéènì nígbà náà, nìyẹn. Láyé ìgbà yẹn o ò lè ya fíìmù ní Sípéènì àfi tí àwọn tó ń yẹ iṣẹ́ wò fún ìjọba bá ti ka ìwé eré ẹ látòkèdélẹ̀, ohun tí wọ́n bá sì ní kó o yọ, wàá yọ ọ́ ni. Wọ́n sọ fún Molina pé ọmọ Sípéènì ò lè máa di ìkookò, kó lọ wá ilẹ̀ míì fún un, ló bá sọ ọ́ di ará Pólàǹdì. Ohun kan náà ló fà á tí ọ̀pọ̀ ìtàn ẹ̀ ayé ìgbà yẹn fi máa ń ṣẹlẹ̀ ní ilẹ̀ Jámánì, ní Faransé, lórí òkè ibi tẹ́nì kan ò mọ̀, gbogbo ibi gbọ́dọ̀ ti òkèèrè wá. Wọ́n tún máa ń ya àwọn ibì kan lẹ́ẹ̀mejì, wọ́n á wọṣọ sára àwọn obìnrin fún àwọn ará ilé, wọ́n á bọ́ ọ fún ọjà òkèèrè. Franco kú ní November 1975, wọ́n sì fòpin sí àyẹ̀wò yẹn ní 1977. Ẹ wo ohun tí ọkùnrin yìí ṣe lẹ́yìn ẹ̀, ẹ máa rí i pé Sípéènì gan-an ló kọjú sí. Mo ń bọ̀ wá sọ ìyẹn, mo wà lójú ọ̀nà báyìí.

Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Òde
Ẹ má bínú o, mi ò gbà pé òǹkọ̀wé gidi ni. Mo ti wo díẹ̀ nínú àwọn ìkookò yẹn. Nínú ọ̀kan, ìkookò míì ló bù ú jẹ. Nínú *La furia del hombre lobo*, yeti, ẹranko onírun inú ìtàn orí òkè yìnyín, ló bù ú jẹ ní Tibet. Nínú òmíì, àwọn obìnrin inú ihò lórí òkè Himalaya ni. Nínú òmíì, èpè tí wọ́n fi baba ńlá ẹ̀ ré ni. Á kú ní ìparí, á tún wà láàyè nínú èyí tó tẹ̀ lé e, kò sẹ́ni tó máa ṣàlàyé fún yín. Òun fúnra ẹ̀ sọ pé *El espanto surge de la tumba*, adẹ́rùbani míì tó kọ, ò gbà á tó ọjọ́ méjì láti kọ, ẹ ẹ̀ rí i pé ó hàn lára iṣẹ́ náà? Òṣèré tó lágbára, mo gbà, torí ó ń sá, ó ń fò, ó ń gbé èèyàn jù. Ṣùgbọ́n ìwé kíkọ? Rárá o.

Onísinimá_Mọ́kọ́lá
@Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Òde ẹ ṣeun tẹ́ ẹ sojú abẹ níkòó, irú ọ̀rọ̀ tí mo ń wá nìyẹn. Ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi. Waldemar ò yàtọ̀ sí ìjàpá inú àlọ́: ó kú lálẹ́ àná, ó tún ti dé lálẹ́ òní, ọmọdé kankan ò bèèrè pé ta ló jí i. Ẹni tó bá ń wá bí fíìmù kan ṣe so mọ́ ìkejì máa ṣe wàhálà lásán. Ohun tí kò yí padà ni irú ẹni tí Waldemar jẹ́, ibẹ̀ sì lọwọ́ òǹkọ̀wé ti hàn.

Ẹ wo èyí tó kọ́kọ́ kọ yẹn. Òjò ń rọ̀ lálẹ́, àwọn arìnrìn-àjò méjì, ọkùnrin kan àtobìnrin kan, sá wọ ilé ńlá kan tó ti dahoro. Wọ́n rí ibojì nísàlẹ̀, òkú ọ̀kan nínú ìdílé Wolfstein wà níbẹ̀, àgbélébùú fàdákà sì gún un láyà. Wọ́n rò ó pé fàdákà owó ni, wọ́n fà á yọ. Ìyẹn ló jí ìkookò àkọ́kọ́ dìde. Kì í ṣe èèyàn burúkú lọkùnrin àtobìnrin yẹn o, ebi àti òtútù ló gbé wọn débẹ̀, ibẹ̀ ni gbogbo àdánwò ti bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí wọ́n wá jáde lọ ṣọdẹ ẹranko náà, ọ̀dọ́kùnrin kan tó ń jẹ́ Rudolph bọ́ sẹ́nu ẹ̀, Waldemar ló kó wọ àárín wọn, òun ló bù jẹ. Ẹ sì rántí pé ọ̀dọ́bìnrin tí Waldemar ń fẹ́, Rudolph yìí náà ló ń bá a du ú! Ó gba ẹni tó ń bá a du obìnrin là, ìyẹn ló ba ayé ẹ̀ jẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn ó ń bẹ̀ wọ́n kí wọ́n fi ṣẹ́ẹ̀nì de òun mọ́lẹ̀ kí oṣù tó yọ. Ẹni kan ṣoṣo tó sì lè fún un nísinmi ni obìnrin tó fẹ́ràn ẹ̀ tọkàntọkàn, òun nìkan ló lè pa á kó kú pátápátá. Nínú *La noche de Walpurgis* náà, obìnrin tó fẹ́ràn ẹ̀ ló fi àgbélébùú fàdákà gún un. Èèyàn ò lè ṣèèṣì kọ irú ìyẹn léraléra.

*La noche de Walpurgis* yìí, 1971 ló jáde, León Klimovsky ló darí ẹ̀, ará Ajẹntínà tó kọ́ṣẹ́ dókítà eyín kó tó wọ iṣẹ́ fíìmù. Ẹ wo bó ṣe bẹ̀rẹ̀: òkú Waldemar wà lórí tábìlì, àwọn dókítà méjì wà lórí ẹ̀, ọ̀kan ní ọ̀rọ̀ ìkookò yìí, ọ̀rọ̀ àwọn ará oko ni, ó sì yọ ọta fàdákà inú òkú náà kó lè fi hàn pé irọ́ ni. Oṣù ti yọ níta. Ó yọ ọta kan, ó yọ ìkejì. Ẹ̀yin náà mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ìṣẹ́jú mélòó kan ni, kò sí àlàyé jàǹrànjanran, gbogbo ohun téèyàn nílò ti wà níbẹ̀. Fíìmù yẹn pawó gan-an, òun ló sì ṣílẹ̀kùn fún gbogbo àwọn adẹ́rùbani tí wọ́n ya tẹ̀ léra ní Sípéènì ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970.

Àdùkẹ́_Houston
Ẹ kú o, láti Houston níbí. Nípa fíìmù àkọ́kọ́ yẹn, tẹ́ ẹ bá ń wá a ní Amẹ́ríkà, orúkọ tẹ́ ẹ máa bá ni *Frankenstein's Bloody Terror*, kò sì sí Frankenstein kankan nínú ẹ̀! Ilé-iṣẹ́ tó gbé e wá síbí ní 1971 ti ṣèlérí fíìmù Frankenstein fún àwọn onísinimá, wọn ò ní èyí tí wọ́n máa fún wọn, ni wọ́n bá mú ìkookò ará Sípéènì, wọ́n lẹ àwòrán kékeré kan mọ́ ìbẹ̀rẹ̀ tó ń sọ pé ẹ̀ka kan nínú ìdílé Frankenstein ló di ìkookò tí wọ́n wá ń jẹ́ Wolfstein. Ó bí mi nínú, torí ẹni tó bá wọlé lọ wò ó pẹ̀lú orúkọ yẹn, Frankenstein lá máa retí títí tó fi máa parí, kò ní fọkàn sí ìtàn tí ọkùnrin yẹn kọ. Wọ́n sì ti fi kámẹ́rà ńlá ya fíìmù yẹn o, mílímítà 70, èyí téèyàn máa wọ awò pàtàkì wò kí àwòrán lè dà bí ẹni ń jáde síta.

Ohùn tẹ́ ẹ tún máa gbọ́ ní ẹ̀dà Gẹ̀ẹ́sì, kò bá ojú ẹ̀ mu rárá. Tẹ́ ẹ bá lè rí ti Sípánííṣì tó ní àkọlé nísàlẹ̀, ìyẹn ni kẹ́ ẹ wò.

Ìyá_Mọ́remí
Mo ń ka gbogbo yín bọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, kò yẹ ká yìn ín tán ká má sọ ti *El jorobado de la Morgue*, 1973. Eku gidi ni wọ́n kó sínú ihò abẹ́ ilẹ̀ yẹn, wọ́n ń fò mọ́ Naschy, ó sì gbé iná, ó ń jó wọn. Iná gidi. Ẹran tó ń jóná láàyè nítorí fíìmù, kò sí bẹ́ ẹ ṣe máa ṣàlàyé ẹ̀ fún mi tí màá gbà. Mo pa á lójú ẹsẹ̀, ọkàn mi ò balẹ̀ títí ilẹ̀ fi mọ́.

Onísinimá_Mọ́kọ́lá
Mà, ẹ ò jẹ̀bi ọ̀rọ̀ yẹn. Kò dáa, kò sì sí ìwé tó dùn tó èyí tó lè mú kó dáa. Lónìí, ẹnikẹ́ni tó bá ṣe é máa fojú balé ẹjọ́ ní ọ̀pọ̀ ìlú.

Ohun tí mo máa bẹ̀ yín sí ni pé kẹ́ ẹ wo ìyókù ìtàn yẹn yàtọ̀ sí eku. Gotho, abuké tó ń ṣiṣẹ́ ní ilé òkú, àwọn ọmọ iléèwé ń sọ òkúta lù ú, wọ́n ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹni kan ṣoṣo tó ń ṣe dáadáa sí i ni Ilse, ọmọbìnrin tí ikọ́ ẹ̀gbẹ ń pa lọ ní ọsibítù. Ó ń gbé òdòdó lọ fún un. Ó kú. Nígbà tí wọ́n gbé òkú ẹ̀ wá síwájú Gotho ní ibi iṣẹ́ tiẹ̀ gan-an, tí àwọn òṣìṣẹ́ ń gbìyànjú láti já ẹ̀wọ̀n ọrùn ẹ̀, ibẹ̀ ni orí ẹ̀ ti yí. Oníṣègùn kan wá ṣèlérí fún un pé òun máa jí Ilse, kó ṣáà máa kó ara èèyàn wá. Naschy wà lára àwọn tó kọ ọ́, Javier Aguirre darí ẹ̀, wọ́n sì fún Naschy lẹ́bùn òṣèré ní àpéjọ fíìmù irú bẹ́ẹ̀ ní Paris. Ó ń kọ àwọn tí ayé kọ̀ sílẹ̀, ó sì mọ bí ìkọ̀sílẹ̀ ṣe ń rí lójú.

Bàbá_Rọ́kọ̀
Mo ti dé. Ẹ jẹ́ ká wo ohun tó ṣe lẹ́yìn tí Franco kú, torí ibẹ̀ lèmi gbé e lé lórí pé òǹkọ̀wé ni.

1976, *Inquisición*, òun ló kọ ọ́, òun ló darí ẹ̀, ìgbà àkọ́kọ́ tó máa darí fíìmù nìyẹn. Adájọ́ tó ń dáná sun àwọn obìnrin tí wọ́n pè ní àjẹ́ ló ṣe. Faransé ló fi í sí. Ó dáa, ẹ jẹ́ ká kọjá ìyẹn.

Èyí tí mo ń bọ̀ sí ni *El huerto del francés*, 1978. Ìtàn tó ṣẹlẹ̀ ní tòótọ́ ni, ní Peñaflor, ìgbèríko Sevilla, ní ìparí ọ̀rúndún kọkàndínlógún wọ ìbẹ̀rẹ̀ ogún. Ọkùnrin kan tí wọ́n ń pè ní ará Faransé, Juan Andrés Aldije, àti ẹnìkejì ẹ̀, Muñoz Lopera, máa ń tan àwọn tó fẹ́ràn tẹ́tẹ́ wá sílé pé ayò ńlá wà níbẹ̀, kí wọ́n kó owó dání. Wọ́n á mú un gba inú ọgbà kọjá lálẹ́, wọ́n á fi irin fọ́ ọ lórí, inú ọgbà yẹn náà ni wọ́n á sin ín sí. Òkú mẹ́fà ni wọ́n hú níbẹ̀. Wọ́n fi irin fún àwọn méjèèjì lọ́rùn pa ní Sevilla ní 1906. Naschy kọ ọ́ pẹ̀lú ẹlòmíì, ó darí ẹ̀, ó sì ṣe Aldije fúnra ẹ̀, láìsí irun, láìsí eyín ìkookò, láìsí oṣù. Ọ̀gbẹ́ni tó ń rẹ́rìn-ín, tó ń da wáìnì fún àlejò, tí gbogbo ìlú ń kí. Ẹ̀rù bà mí ju ti ìkookò lọ. Ẹ má gbàgbé pé ní ọdún díẹ̀ ṣáájú, wọn ò ní jẹ́ kó sọ pé ọmọ Sípéènì lè jẹ́ ẹranko.

Ọdún kejì ẹ̀ ló ṣe *El caminante*. Èṣù inú Bíbélì ló gbé ara èèyàn wọ̀, ó ń rìn káàkiri ilẹ̀ Sípéènì àtijọ́ pẹ̀lú ọmọkùnrin kan tó ń kọ́ ní ìwà ìkà, ó ń jí owó, ó ń tan obìnrin, bó ṣe ń rìn ló ń rí i pé àwọn èèyàn gan-an burú ju bí òun ṣe rò lọ. @Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Òde ẹ wá ìyẹn wò, kẹ́ ẹ padà wá sọ fún mi pé kò mọ ìwé kọ.

Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Òde
Bàbá, *El huerto* yẹn ò tíì kàn mí rí o. Tó bá rí bẹ́ ẹ ṣe sọ ọ́ yìí, kí ló wá dé tí kò fi bá irú ẹ̀ lọ? Torí mo mọ̀ pé ìkookò ló tún padà ṣe ní àwọn ọdún 1980.

Onísinimá_Mọ́kọ́lá
Owó ni. Àwọn èèyàn ò lọ wo *El caminante* bó ṣe yẹ, ìkookò ni wọ́n mọ̀ ọ́n mọ́. Ó lọ bá àwọn ará Japaanì, ó ń ya fíìmù fún tẹlifíṣàn wọn, títí kan èyí tó ṣe lórí ilé àwòrán Prado tó wà ní Madrid, wọ́n sì jọ ṣe *La bestia y la espada mágica* ní 1983, níbi tí Waldemar ti lọ wá ìwòsàn dé Kyoto, tó sì bá ẹkùn jà. Èmi fẹ́ràn ìyẹn púpọ̀. Ọdún yẹn gan-an ni ìjọba Sípéènì gbé òfin ìrànwọ́ owó fíìmù tuntun jáde, Pilar Miró ló wà nídìí ẹ̀, owó wá ń lọ sọ́dọ̀ àwọn fíìmù díẹ̀ tí wọ́n gbà pé ó níyì, àwọn tó ń ṣe adẹ́rùbani olówó pọ́ọ́kú ò rí nǹkan mú bọ̀ mọ́. Ilé-iṣẹ́ tiẹ̀, Aconito Films, fọ́. Ní 1991 àìsàn ọkàn kọlù ú, díẹ̀ ló kù kó bá a lọ.

Ó tún padà sídìí ìwé. Ó kọ ìtàn ayé ara ẹ̀ ní 1997, *Memorias de un hombre lobo*. Ní 2001 ìjọba fún un ní àmì ẹ̀yẹ wúrà ti iṣẹ́ ọnà. Ní 2004 *Rojo sangre* jáde, òun ló kọ ọ́, Christian Molina darí ẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wò ó. Òṣèré àgbà kan, Pablo Thevenet, tó ti lókìkí rí, jókòó síwájú àwọn ọmọdé tó ń yan òṣèré, wọn ò mọ̀ ọ́n rí, wọ́n ní kó sọ orúkọ ẹ̀ àti ohun tó ti ṣe. Iṣẹ́ tó padà rí ni kó máa dúró bí ère lẹ́nu ọ̀nà ilé fàájì àwọn olówó, pẹ̀lú aṣọ àwọn apààyàn inú ìtàn lọ́rùn. Ọdún tí fíìmù yẹn jáde ni Naschy pé ẹni àádọ́rin ọdún, ẹ sì lè gbọ́ ohùn ẹ̀ nínú gbogbo gbólóhùn ọkùnrin yẹn. Ẹni tó kàn jẹ́ òṣèré ò lè ṣe bẹ́ẹ̀ fún ara ẹ̀, àfi ẹni tó mọ̀wé kọ.

30 November 2009 ló kú, ní Madrid, àìsàn jẹjẹrẹ ni.

Bàbá_Rọ́kọ̀
Ẹ jẹ́ kí n fi kan kún un. Kó tó kọ ìkookò rárá ló ti bá Boris Karloff, òṣèré tó ṣe Frankenstein ní Hollywood láyé àtijọ́, pàdé, nígbà tí àwọn ará Amẹ́ríkà wá ya apá kan nínú eré tẹlifíṣàn *I Spy* ní Sípéènì, òun náà wà níbẹ̀ ní ipò kékeré. Karloff ti darúgbó, irin ló fi ń ti ẹsẹ̀. Naschy sọ ọ́ pé wọ́n fi bàbá náà sílẹ̀ lórí àga nínú òtútù, mọ́tò ò tètè dé, òun sì rí omi lójú ẹ̀. Bẹ́ ẹ bá ti mọ ìyẹn, *Rojo sangre* á tún yé yín sí i.

Àjọkẹ́_Alámọ̀
Ẹ̀gbọ́n mi gbogbo, ẹ ṣeun. Èwo ni kí n wá fi bẹ̀rẹ̀ báyìí? Mi ò fẹ́ eku o.

Onísinimá_Mọ́kọ́lá
*La noche de Walpurgis* tó o ti wò yẹn, tún un wò pẹ̀lú ohùn Sípánííṣì. Lẹ́yìn náà *El huerto del francés*, kó o wá fi *Rojo sangre* kádìí ẹ̀. Jìnnà sí *El jorobado*.

Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Òde
Mo ń wá *El caminante* láti ìrọ̀lẹ́, ẹ̀dà tí mo rí ò ní àkọlé Gẹ̀ẹ́sì. Ta ló mọ ibi tí mo ti lè ra èyí tó ní?

Àdùkẹ́_Houston
Ó wà lórí Blu-ray níbí. Ẹ kọ̀wé sí mi nínú àpótí, ẹ̀gbọ́n mi ń bọ̀ nílé ní December, mo lè fi rán an.